Ìṣẹ́jú Méjìdínlógún Nínú Gáréèjì

Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni Bámidélé Akínbọ̀wálé fi wa ọkọ̀ akẹ́rù. Kòkó ló ń kó láti Oǹdó lọ sí Èkó, bó bá sì ń bọ̀, a kó sìmẹ́ńtì, tàbí iyọ̀, tàbí ohunkóhun tí Ọlọ́run bá fi lé e lọ́wọ́. Gbogbo ẹni tó mọ̀ ọ́n dáadáa ló mọ òfin kan tó ń pa mọ́ ju òfin ìjọba lọ: bó bá ti di ọwọ́ ọkọ̀ mú, ẹnu rẹ̀ di pípadé. Ìwọ tó jókòó tì í lè máa sọ tìrẹ, o lè máa kọrin, o lè máa ṣépè fún ọlọ́pàá tó dá yín dúró. Bámidélé ò ní dá ọ lóhùn títí ọkọ̀ yóò fi dúró. Kì í ṣe ìgbéraga. Oríọlá, ọ̀gá tó kọ́ ọ níṣẹ́, ló yíjú láti dá èrò kan lóhùn lọ́nà Òrè lọ́jọ́ kan, kò sì yí i padà mọ́. Láti ọjọ́ náà ni Bámidélé ti gbà pé òjòwú ni ọ̀nà. Bó o bá ń bá ẹlòmíràn sọ̀rọ̀ lójú rẹ̀, yóò gbẹ̀san.

Àgbà dé, ara ń di ara àgbà. Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rin, orúnkún rẹ̀ ọ̀tún kọ̀ láti máa tẹ bíréèkì, dókítà sì ní ojú òsì ti ń ṣú. Ó ta ọkọ̀, ó jókòó sílé. Ìyàwó rẹ̀ ti ṣaláìsí ṣáájú ìgbà náà. Ọmọ kan ṣoṣo tí wọ́n bí, obìnrin tó ń jẹ́ Ìyìnolúwa, ló kù fún un, ìyẹn náà sì ti jáde ní yunifásítì ní Àkúrẹ́, ó ti gba ìwé Kánádà, ó ń di ẹrù. Ọ̀sẹ̀ tó kù kó lọ, ó gbé kọ̀ǹpútà tó ń lò nígbà tó wà nílé ìwé wá fún bàbá rẹ̀ ní Oǹdó. Àpótí dúdú kan báyìí ni, ó ga tó kéèsì bíà tí wọ́n dá dúró. Ó ní ojú tó dà bíi tẹlifíṣọ̀n, ó sì ní ọwọ́ ọkọ̀ kékeré kan tí wọ́n ń dè mọ́ etí tábìlì, àti ibi ìtẹsẹ̀ méjì nísàlẹ̀. Géèmù ọkọ̀ akẹ́rù ló wà nínú rẹ̀.

"Bàámi," ó ní, "orúnkún yín lè kọ bíréèkì gidi, kò lè kọ èyí. Bí mo bá dé ọ̀hún, màá ra tèmi. A ó jọ máa wà á lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ẹ̀yin níwájú, èmi lẹ́yìn."

Bámidélé rẹ́rìn-ín. Ó rò pé ọmọ fẹ́ fi nǹkan tu òun nínú ni, bí wọ́n ṣe ń fi bọ́ọ̀lù sí ọmọdé lọ́wọ́ kí ìyá rẹ̀ lè ráàyè yọ lọ sọ́jà. Kò mọ̀ pé ohun tí òun ó dì mú fún ọdún mẹ́ta nìyẹn.

Ọjọ́ Ìsinmi ni ọjọ́ wọn, aago mẹ́rin ọ̀sán ní Oǹdó. Lọ́hùn-ún, òwúrọ̀ ni. Ilé iṣẹ́ búrẹ́dì ni Ìyìnolúwa ti ń ṣiṣẹ́, ìgbà yẹn ló máa ń ti ibi iṣẹ́ dé. Yóò pe bàbá rẹ̀ lórí Wásáàpù, bàbá a gbé fóònù ti kọ̀ǹpútà, a sì tẹ géèmù náà kó ṣí.

Ibẹ̀ gan-an ni ìtàn wà. Háàdì inú kọ̀ǹpútà náà, ibi tí gbogbo ẹrù rẹ̀ ń gbé, ti gbó. Irin pẹlẹbẹ kan ló ń yí nínú rẹ̀, géèmù náà sì wúwo bí àpò kòkó tí òjò pa. Bí Bámidélé bá tẹ̀ ẹ́, ìlà funfun tẹ́ẹ́rẹ́ kan a yọ nísàlẹ̀, a máa gùn lọ díẹ̀díẹ̀, háàdì a sì máa kan kọ́, kọ́, kọ́, bí adìẹ tó ń ṣa àgbàdo lórí páànù. Ìṣẹ́jú méjìdínlógún ni kí ìlà náà tó kún. Ní gbogbo àkókò yìí, Ìyìnolúwa ti ṣí tirẹ̀, ọkọ̀ rẹ̀ ti wà nínú gáréèjì inú géèmù, ó ń dúró de bàbá rẹ̀.

Ẹni tó bá ti wọ ọkọ̀ ní gáréèjì rí mọ̀ bó ṣe máa ń rí. Kí ọkọ̀ tó kún, obìnrin tó jókòó tì ọ́, tí o ò mọ̀ rí, á ti sọ fún ọ pé ọkọ òun kì í sùn sílé mọ́. Ìwọ ò bi í. Bó bá ṣe pé o pè é síyàrá tí o ní kó sọ ọ́ ni, kò ní sọ. Ìdúró ló ń yọ ọ̀rọ̀ lẹ́nu èèyàn. Inú ìṣẹ́jú méjìdínlógún yẹn ni Bámidélé ti gbọ́ pé yìnyín gbé ọmọ òun ṣubú lẹ́nu ọ̀nà ibi iṣẹ́, pé ó sunkún nínú bọ́ọ̀sì lọ́jọ́ kan nítorí pé ó gbóòórùn ẹnìkan tó fi àdí para. Ibẹ̀ ni òun náà ti sọ fún ọmọ pé òun ti tún ibojì ìyá rẹ̀ kùn, pé eyín kan ti já, pé Lawrence aládùúgbò ti tún ń bínú sí pásítọ̀. Ibẹ̀ ni Ìyìnolúwa sì ti sọ, lóṣù Kẹta, bí ẹni tí kò tiẹ̀ rò ó, pé: "Bàámi, Oṣù Kejìlá yìí, mo ń bọ̀ wálé." Bámidélé ṣe àmín. Ó ní kí Ọlọ́run jẹ́ ká rí i. Lọ́jọ́ kejì, ó lọ ra ọ̀dà, ó kun yàrá ọmọ rẹ̀.

Bí ìlà bá ti kún, Bámidélé a ní, "Ó ti ṣí." A dojú fóònù dé. Wọn a gbéra, wọn a máa kó pákó láti ìlú kan lọ sí òmíràn ní Jámánì inú géèmù náà, fún wákàtí kan àti ààbọ̀, láìsọ ọ̀rọ̀ kan, Bámidélé níwájú, ó ń wo iná ọkọ̀ ọmọ rẹ̀ nínú díńgí. Òfin ṣì ni òfin. Bí wọ́n bá já ẹrù tán, oorun á ti máa gbé Ìyìnolúwa, ó dàbọ̀ ló kù.

Lawrence a máa yọjú lójú fèrèsé nígbà mìíràn. "Awakọ̀ Jámánì, ẹ kú ìrìn o. Ṣé ẹ ti dé bọ́dà?"

Bámidélé ò ní dáhùn. Lawrence a ní, "Ẹ bá mi ra bàtà bọ̀," a sì bá tirẹ̀ lọ.

Lóṣù Keje ni oore dé. Ọ̀rọ̀ àwọn ẹbí ni wọ́n ń sọ lọ́wọ́ nígbà tí Ìyìnolúwa dákẹ́ tó tẹ́tí.

"Bàámi, ohun tó ń kan yẹn, ó ti le ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Háàdì yẹn ń kú lọ."

"Ó pẹ́ tó ti ń kú. Èmi náà ń kú lọ, ṣé mo kú?"

"Ẹ má sọ bẹ́ẹ̀. Mo ti bá ọ̀rẹ́ mi kan sọ̀rọ̀ ní Àkúrẹ́, Adéwùmí, a jọ ka ìwé ni. Òun ló ń tún kọ̀ǹpútà ṣe lẹ́yìn Ọjà Ọba. Mo ti ra SSD lọ́wọ́ rẹ̀ fún yín, ẹ kàn gbé kọ̀ǹpútà náà lọ bá a, yóò kó géèmù yẹn sínú rẹ̀."

"Kí ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀?"

"Háàdì náà ni, ṣùgbọ́n kò sí irin tó ń yí nínú tiẹ̀. Ẹ tẹ̀ ẹ́ báyìí, ó ti ṣí. Ẹ ò ní jókòó máa dúró mọ́."

Inú Bámidélé dùn. Ta ni inú rẹ̀ ò ní dùn? Ọmọ tó ń fi òru ṣe búrẹ́dì nílẹ̀ òtútù tún jókòó, ó ń ro ohun tó ń ni bàbá rẹ̀ lára. Ó fi aṣọ ìbora wé àpótí náà, ó gbé e lọ sí gáréèjì Àkúrẹ́, ó san owó ìjókòó méjì kí ẹnikẹ́ni má baà gbé apẹ̀rẹ̀ tòmátò lé e. Bí wọ́n ti kọjá Bọ́lọ́rundúró, tí wọ́n sì kọjá Ọ̀wẹnà, ó ń fọwọ́ kan án díẹ̀díẹ̀ bí ẹni tó gbé aláìsàn dání.

Òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan ni ṣọ́ọ̀bù Adéwùmí wà, àwọn télọ̀ ló wà nísàlẹ̀. Ọmọ Àkúrẹ́ pọ́ńbélé ni, obìnrin gíga kan tó máa ń pe ilé ní ulé bó bá gbàgbé ara rẹ̀. Ó kúnlẹ̀ kí Bàbá, ó gbé àga fún un, ó tú ẹ̀yìn àpótí náà. SSD tí ó fi sínú rẹ̀ kò ju ìka mẹ́ta papọ̀ lọ.

"Gbogbo ẹrù yẹn yóò wọ inú èyí?" Bámidélé bi í.

"Àti òmíràn, Bàbá. Mo ń sọ fún kọ̀ǹpútà kó kó géèmù láti ibi àtijọ́ lọ sí ibi tuntun ni. Mi ò ní fi ọwọ́ ara mi kó o. Àwọn kan máa ń fi ọwọ́ ara wọn kó o, wọ́n á gbé e síbòmíràn láìsọ fún ẹni tó ń ṣọ́ ọ. Bí wọ́n bá wá tẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn náà, kò ní ṣí, torí pé ibi àtijọ́ ni wọ́n ṣì ń wá a lọ."

"Ó yé mi. Bí ọkọ̀ mi bá kọṣẹ́ lọ́nà, tí mo bá já kòkó sínú ọkọ̀ ẹlòmíràn, ọ̀gá mi l'Ékòó gbọ́dọ̀ gbọ́ nọ́ńbà ọkọ̀ tuntun. Bí kò bá gbọ́, ọkọ̀ òfo ni yóò máa retí."

Adéwùmí dáwọ́ dúró, ó wò ó. "Bàbá, ọdún méje ni mo ti ń wá bí mo ṣe máa ṣàlàyé rẹ̀ fún àwọn oníbàárà mi."

Ó gbà tó wákàtí kan àti díẹ̀, nítorí pé háàdì àtijọ́ ń fà wọ́n lẹ́sẹ̀. Adéwùmí ò yọ ọ́ kúrò, ó fi í sílẹ̀ nínú àpótí nítorí àwọn fọ́tò tó wà nínú rẹ̀. Nígbà tó tẹ géèmù náà kí Bámidélé rí i, ìlà funfun ò tiẹ̀ ráyè yọ. Gáréèjì ti là sílẹ̀ báyìí, ọkọ̀ dúró, ilẹ̀ ń dán. Bámidélé ya ẹnu, ó dúpẹ́, ó gbé ẹrù rẹ̀, ó padà sí Oǹdó.

Bí oore bá pọ̀ lápọ̀jù, ibi ni í dà, ṣùgbọ́n èèyàn kì í mọ ìgbà tó ń dà á. Lọ́jọ́ Ìsinmi, Ìyìnolúwa pè.

"Ẹ káàsán, Bàámi. Ẹ tẹ̀ ẹ́ ká wò ó."

Ó tẹ̀ ẹ́. "Ó ti ṣí."

"Mo sọ fún yín. Ó yá, ẹ gbéra."

Ó ti fẹ́ sọ fún un pé ògiri ẹ̀yìnkùlé ti wó nínú òjò, "Ìyìn, ògiri" ló sì ti dé ẹnu. Ṣùgbọ́n gáréèjì ti là, ọkọ̀ ọmọ rẹ̀ ti ń yọ sójú títì. Ó dojú fóònù dé, ó di ọwọ́ ọkọ̀ mú. Lọ́sẹ̀ kejì, ó mú ọ̀rọ̀ ògiri dání, ó fi ọ̀rọ̀ Lawrence lé e. Kò ráyè já èyíkéyìí nínú wọn sílẹ̀. Lọ́sẹ̀ kẹta, ọ̀rọ̀ ti di mẹ́fà, méje. Bó ti wà níwájú lójú ọ̀nà Jámánì, tó ń wo iná ọmọ rẹ̀ nínú díńgí, ó dà bíi pé ọmọ náà jìnnà sí òun ju bí Kánádà ṣe jìnnà lọ. Ohùn rẹ̀ ló kù tí ó ń gbọ́, ẹ káàsán níbẹ̀rẹ̀ àti ó dàbọ̀ nígbẹ̀yìn, bí ìgbà tí èèyàn bá pàdé ojúlùmọ̀ lórí ọ̀kadà, tí ọ̀kadà kò dúró.

Ó gbìyànjú ohun mìíràn. Ní Ọjọ́rú, ní ọ̀sán, ó pe ọmọ rẹ̀, kò sì lọ bó ṣe rò. Ìdí nìyẹn tí ó fi padà sí Àkúrẹ́ lọ́jọ́ kejì, tòun ti àpótí, tòun ti aṣọ ìbora.

Adéwùmí rí i láti orí àtẹ̀gùn, ojú rẹ̀ yí padà. "Bàbá, ṣé ó ti bàjẹ́ ni?"

"Kò bàjẹ́."

"Ó ń gbóná?"

"Kò gbóná. Mo fẹ́ kí o já ẹrù náà padà sínú ọkọ̀ àkọ́kọ́ ni."

Adéwùmí kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. "Bàbá, wọ́n ti gbé kọ̀ǹpútà tí eku tọ̀ sí wá bá mi. Wọ́n ti gbé èyí tí wọ́n da ọbẹ̀ ẹ̀gúsí sí wá. Ẹnikẹ́ni ò tíì gba orí àtẹ̀gùn yìí gòkè wá sọ pé kí n jẹ́ kí tòun máa falẹ̀."

"Ó yára jù. Òòyì rẹ̀ ń kọ́ mi."

"Ẹ̀yin tí ẹ wa ọkọ̀ akẹ́rù fún ọgbọ̀n ọdún ó lé, òòyì èyí ló ń kọ́ yín?"

Bámidélé gbé àpótí náà kalẹ̀. Ó jókòó, ó na ẹsẹ̀ ọ̀tún síwájú, ó ń fi ọwọ́ nu eruku tí kò sí lára àpótí náà.

Adéwùmí fa àga tirẹ̀ sún mọ́ ọn. Ó ti kúrò lórí ẹ̀rín. "Háàdì yẹn ń kú lọ, Bàbá. Bí mo bá dá géèmù padà síbẹ̀, ọkọ̀ tí kò ní bíréèkì ni mo ń di ẹrù sí. Ó lè lo oṣù mẹ́fà, ó lè má lo ọ̀sẹ̀ kan. Ìyìn ti gbọ́?"

"Má sọ fún un."

"Kí wá ló dé?"

 Àwọn télọ̀ ń tẹ ẹ̀rọ wọn nísàlẹ̀. Ẹni tó bá wọ bàtà ló mọ ibi tó ti ń ta á lẹ́sẹ̀, ṣùgbọ́n ó nira fún Bámidélé láti bọ́ bàtà náà kó fi ọgbẹ́ han ọmọ ọlọ́mọ.

"Ìṣẹ́jú méjìdínlógún ni," ó ní. "Kí ó tó ṣí. Àárín ìgbà yẹn ló máa ń bá mi sọ̀rọ̀. Bó bá ti ṣí, mo ti di ọwọ́ ọkọ̀ mú nìyẹn, èmi kì í sì sọ̀rọ̀ lórí ìrìn. Ó mọ̀ bẹ́ẹ̀. Nísinsìnyí, a kì í dúró mọ́."

"Ṣùgbọ́n géèmù ni, Bàbá. Ẹ lè máa sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò ní fara pa."

"Ọwọ́ tí mo fi ń wa ti inú rẹ̀ náà ni mo fi wa ti ìta. Kò mọ ìyàtọ̀."

"Ẹ pè é nígbà náà. Fóònù wà lọ́wọ́ yín, ọjọ́ Ìsinmi nìkan kọ́ ló wà nínú ọ̀sẹ̀."

"Mo pè é lánàá. Ohun tó kọ́kọ́ bi mí ni pé, 'Bàámi, ta ló kú?' Mo ní kò sẹ́ni tó kú. Ó ní, 'Ṣé ara yín le?' Mo ní ó le. Ó ní, 'Kí ló wá dé?' Mo wá ohun tó dé, mi ò rí i. Ọ̀rọ̀ méje ni mo kó dání kí n tó pè é, Adéwùmí. Gbogbo wọn sá lọ. Àwa méjèèjì wá dákẹ́, mo ní kó máa bá oorun rẹ̀ lọ."

Adéwùmí mú irinṣẹ́ rẹ̀. Ìyá rẹ̀ wà ní Ìgbàrà-Òkè, kò ju ìrìn wákàtí kan lọ, ó sì ti tó oṣù mélòó kan tí Adéwùmí ti ń sọ fún un pé òun ń bọ̀. Ó tú àpótí náà, ó ṣe ohun tí Bàbá ní kó ṣe. Ṣùgbọ́n kò pa èyí tó wà nínú SSD rẹ́. Ó fi í síbẹ̀, bí àgbẹ̀ ṣe ń fi irúgbìn sílẹ̀ nínú àká, ó sì fi ibi tí yóò tẹ̀ han Bámidélé, kó má baà di pé ọjọ́ tí ti àtijọ́ bá kú, gbogbo ìrìn ọdún mẹ́ta bá a lọ.

"Bó bá kọṣẹ́, ibí yìí ni kí ẹ tẹ̀. Yóò ti ṣí kí ẹ tó sín."

"Mo gbọ́," Bámidélé ní.

Ọjọ́ Ìsinmi pé. Bó ti tẹ̀ ẹ́, ìlà funfun yọ ní ìsàlẹ̀, tẹ́ẹ́rẹ́ bí òwú. Háàdì bẹ̀rẹ̀ sí í kan. Bámidélé fẹ̀yìn ti àga, ara rẹ̀ balẹ̀ bí ara ẹni tó dé ilé tó bọ́ agbádá.

"Ẹ ti wọlé, Bàámi?"

"Ó ń ṣí lọ́wọ́. Ìyìn, ògiri ẹ̀yìnkùlé yẹn ti wó o. Òjò ọ̀sẹ̀ mélòó kan sẹ́yìn ni. Ewúrẹ́ Lawrence ti sọ ibẹ̀ di ọ̀nà."

"Ẹ dúró ná. Ó ń ṣí lọ́wọ́ kẹ̀?" Ó tẹ́tí. "Mo ń gbọ́ ohun tó ń kan yẹn. Háàdì àtijọ́ nìyẹn. Áà, Adéwùmí ti rẹ́ yín jẹ. Ó ti yọ èyí tí mo rà, ó ti tà á fún ẹlòmíràn. Ẹ má yọnu, Bàámi, màá pè é báyìí. Ohun tí màá sọ fún un, kò ní gbàgbé rẹ̀."

Irọ́ náà wà níbẹ̀. Ó ti sè, ó ti jiná, ọmọ ti bù ú síwájú bàbá, kó ṣáà fọwọ́ sí i ló kù. Bó bá dákẹ́ lásán, yóò ní ìlà funfun rẹ̀, yóò ní ìṣẹ́jú méjìdínlógún rẹ̀, ẹnikẹ́ni ò sì ní mọ̀ pé ó bẹ̀bẹ̀ fún un. Àmọ́ orúkọ ọmọ ọlọ́mọ ni òun yóò fi rà á.

"Má pè é," ó ní. "Kò rẹ́ mi jẹ. Èmi ni mo ní kó dá a padà."

"Ẹ̀yin? Nítorí kí ni?"

"Ó ń tètè ṣí."

"Nítorí kó lè tètè ṣí ni mo ṣe rà á."

"Mo mọ̀. O ṣeun, o ò ní ṣe é tì. Ṣùgbọ́n bó bá ti ń tètè ṣí, n kì í gbọ́ ohùn rẹ mọ́."

Háàdì ń kan lọ. Kọ́, kọ́, kọ́. Bámidélé gbọ́ bọ́ọ̀sì kan tó dúró nísàlẹ̀ fèrèsé ọmọ rẹ̀, tó tún lọ. Ìtìjú bẹ̀rẹ̀ sí í mú un, ó fẹ́ sọ pé kó má dá òun lóhùn, àwàdà lòun ń ṣe.

"Bàámi," Ìyìnolúwa ní, ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀. "Ẹ jẹ́ n sọ òótọ́ fún yín. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ sí í yára yẹn, inú mi dùn."

"Ó yẹ kó dùn."

"Rárá, ẹ tẹ́tí. Ọ̀rọ̀ kan wà lẹ́nu mi láti oṣù Kẹfà. Ní gbogbo ọjọ́ Ìsinmi tí a bá ń dúró kó ṣí, ẹ̀rù máa ń bà mí pé màá sọ ọ́. Mo ní bí kò bá sí ìdúró, mi ò ní sọ ọ́. Bí mo ṣe ra nǹkan yẹn nìyẹn. Nítorí yín ni, lóòótọ́. Ṣùgbọ́n nítorí èyí náà ni."

Bámidélé sún síwájú. "Sọ ọ́."

"Ẹ ó bínú."

"Sọ ọ́, ìyá mi."

"Mi ò ní lè wálé ní Oṣù Kejìlá. Ìwé ìgbélùú tuntun tí mo béèrè ò tíì jáde. Bí mo bá kúrò níbí kó tó jáde, wọn ò ní jẹ́ kí n wọlé padà."

Ojú Bámidélé lọ sí ẹnu ọ̀nà yàrá kejì. Ọ̀dà tó fi kùn ún kò tíì gbó, nígbà tí òjò bá rọ̀ òórùn rẹ̀ ṣì máa ń jáde. Ó ti ra mátíráàsì sí i. Kò tíì sọ fún ẹnikẹ́ni pé òun ra mátíráàsì, Lawrence nìkan ló rí i nígbà tí wọ́n ń gbé e wọlé, tó sì bi í bóyá ó fẹ́ fẹ́yàwó.

"Ìgbà wo ni wọ́n ní yóò jáde?"

"Wọn ò sọ. Ó lè jẹ́ ọdún tó ń bọ̀. Ó lè jẹ́ èyí tó tẹ̀lé e." Ó fa imú. "Mo ti rí bí ẹ ṣe kun yàrá. Ọmọ Lawrence ló fi fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi. Ẹ ò sọ fún mi."

"Kò tíì kan ibẹ̀ ni."

"Bàámi, ẹ má bínú."

"Ta ni mo fẹ́ bínú sí? Àjò ò dùn kí onílé má relé, ṣùgbọ́n a kì í ní kí ẹni tó wà lójú omi já sílẹ̀ nítorí pé a fẹ́ rí i."

Ìgbà náà ló fura pé ohun kan ti dákẹ́. Háàdì ò kan mọ́. Ìlà funfun ti kọjá ìdajì díẹ̀, ó dúró gbọn-in síbẹ̀. Ẹni tó bá ti wa ọkọ̀ fún ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n mọ ìdákẹ́jẹ́ ẹ̀rọ tó ń sinmi, ó sì mọ ti ẹ̀rọ tí kò ní jí mọ́. Kò yẹ̀ ẹ́ wò lẹ́ẹ̀mejì. Ibi tí Adéwùmí ní kó tẹ̀ wà lápá ọ̀tún. Bó bá fi ìka kàn án, gáréèjì á là sílẹ̀, òpópónà Jámánì á tẹ́ síwájú rẹ̀, wọn á gbé pákó, wọn ò sì ní sọ̀rọ̀ mọ́ títí oorun yóò fi gbé ọmọ náà.

Ó gbé ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì kúrò lórí tábìlì, ó kó wọn sí itan.

"Bàámi, ṣé ẹ wà níbẹ̀?"

"Mo wà."

"Ṣé ó ti fẹ́ kún?"

"Kò tíì kún." Ó wo ìlà náà. "Kò tiẹ̀ kúrò lójú kan. Ó jọ pé ó ti kú pátápátá."

"Háà. Ìrìn tòní ti bàjẹ́ nìyẹn. Ṣé kí n máa lọ sùn ni?"

"Ṣé oorun ń kùn ọ́?"

Ìyìnolúwa rò ó. "Kò kùn mí tó bẹ́ẹ̀."

Bámidélé fa àga sún mọ́ fóònù. Ó wá ọ̀rọ̀, ẹyọ kan péré ló sì wá sọ́wọ́ rẹ̀, kò sí nínú méje tó ti ń kó jọ. "Kí lo jẹ lánàá?"

"Ẹ̀wà ni. Mo gbé e kaná, mo ní kí n fẹ̀yìn lélẹ̀ díẹ̀, oorun gbé mi lọ."

"Ó jóná?"

"Ó jóná mọ́ ìkòkò. Ilé kún fún èéfín."

"O wá dà á nù."

"N ò dà á nù. Mo rọra bu òkè rẹ̀ jẹ," ó ní, ẹ̀rín ti ń wọ ohùn rẹ̀. "Nígbà tó yá, mo mú ṣíbí, mo ha ìdí rẹ̀ náà."